Ṣú àti Ṣù Lójú Ọ̀run

Ní alẹ́ ọjọ́ kan láìpẹ́ yìí, nígbà tí mo jẹun tán, tí mo nà gbalaja lórí àga ìrọ̀gbọ̀kú, tí mo sì tan rédíò pé kí n fi ìròyìn mú oorun wá, ni mo gbọ́ tí sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ kan, ẹni tí ohùn rẹ̀ dùn bí agogo tí èdè rẹ̀ sì máa ń já gaara lọ́jọ́ gbogbo, ń ka àwọn ohun tí àwọn onímọ̀ ń fi awò ọ̀nà jíjìn wò ní òfuurufú. Ó kan ìkúùkù ńlá tí ó wà nínú Orion, ó ní ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ ni. Ó kan àwọn ìràwọ̀ tí a ń pè ní Pleiades, ó ní ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ ni. Nígbà tí ó sì dé orí Andromeda, ó tún ní ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ náà ni. Oorun dá lójú mi.

N kò wí pé ìṣùpọ̀ kì í ṣe ọmọ Yorùbá. Ọmọ bíbí inú ṣù ni, ṣù sì jẹ́ ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ràn láti kékeré, nítorí pé ọ̀rọ̀ àtẹ́lẹwọ́ ni: amọ̀kòkò ń ṣù amọ̀ kí ó tó mọ ọ́n, olóúnjẹ ń ṣù iyán sínú àwo, ọlọ́ṣẹ dúdú ń ṣù ọṣẹ rẹ̀ ní roboto roboto fún ọjà. Ẹ sì kíyè sí i pé ohun tí a bá ti ṣù kì í ní èmi àti ìwọ nínú mọ́; kò sí ẹni tí ó lè tú iyán padà kí ó sọ èyí tí í ṣe ọmọ iṣu àkọ́kọ́ àti èyí tí í ṣe ìkejì.

Òǹkàwé kan ti kọ̀wé sí mi rí pé nítorí tí òṣùpá ṣù bí ìṣù amọ̀ ni a fi ń pè é ní òṣùpá. Mo kí i fún làálàá rẹ̀, ṣùgbọ́n àgùàlà ń bá oṣù rìn, wọ́n ṣe bí ajá rẹ̀ ni; àgùàlà kò kúkú yí òṣùpá po, oòrùn ni ó ń yí po gẹ́gẹ́ bí ayé wa yìí. Ọ̀rọ̀ méjì lè jọ máa rìn lẹ́nu kí wọ́n má sì bá ara wọn tan.

Ṣù yìí ní ìkejì kan tí ohùn òkè ni a fi ń pè é, èyíinì ni ṣú: òjò ṣú, ilẹ̀ ṣú, a sì ń ṣú opó. (Èyí tí ó gba ohùn àárín láàárín àwọn méjèèjì, ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n, n kò ní í kọ ọ́ síhìn-ín.) Ìyàlẹ́nu ibẹ̀ ni pé ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ yìí gan-an ni ó pààlà sáàárín ìkúùkù ojú ọ̀run àti ìràwọ̀. Ohun tí ó wà nínú Orion, tí ojú lásán lè rí bí àbàwọ́n fẹ́ẹ́rẹ́ nísàlẹ̀ ìràwọ̀ mẹ́ta tí ó tò lọ́wọ̀ọ́wọ́, kì í ṣe ìràwọ̀ rárá: háídrójìn àti erukuru ni, ó gbilẹ̀ jìnnà ju bí ẹnu ti lè sọ lọ, ibòmíràn lára rẹ̀ ń tàn, ibòmíràn sì ṣú dùdù. Kò jìnnà síbẹ̀ ni èyí tí wọ́n ń pè ní Orí Ẹṣin wà, tí ó ṣú tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi dí ìmọ́lẹ̀ tí ó wà lẹ́yìn rẹ̀. Inú irú ìkúùkù tí ó ṣú bẹ́ẹ̀ ni òòfà ti ń fa háídrójìn jọ, tí ó ń fún un, tí ó ń rọ́ ọ, títí yóò fi ṣù, tí inú rẹ̀ yóò gbóná, tí yóò sì gbiná. Ìràwọ̀ kọ̀ọ̀kan ni ó ṣù, ìyá tí ó bí i ni ó ṣú. Èwo wá ni ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ nínú ohun tí ìràwọ̀ rẹ̀ kò tí ì ṣù tán? Ìkúùkù ni kí a pè é. Àwọn ará Róòmù náà kò pè é ní ohun mìíràn ní èdè wọn. Àwọsánmà kò burú, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọ̀ sánmà ni, tí sánmà fúnra rẹ̀ sì ti ẹnu Lárúbáwá wá bá wa.

Ẹ jẹ́ kí a bọ́ sí ọ̀dọ̀ Pleiades. Mẹ́fà tàbí méje ni ojú ń rí, wọ́n ju ẹgbẹ̀rún lọ lójú awò, inú ìkúùkù kan náà ni a sì ti bí wọn. Ọmọ ìyá ni wọ́n, wọ́n ń rìn pọ̀, ṣùgbọ́n wọn kò fara kanra: láti ara ọ̀kan dé ara èkejì, ìmọ́lẹ̀ yóò rìn fún oṣù púpọ̀ kí ó tó débẹ̀. Ojú ọ̀run tẹ́yẹ fò láì fara gbúnra, tó ìràwọ̀ náà. Ohun tí kò fara kanra kò ṣù. Agbo ni, bí agbo ijó. Ẹ má sì jẹ́ kí ahọ́n yín yọ̀, nítorí mo ti gbọ́ àgbò ìràwọ̀ rí lẹ́nu ẹni tí kò ta ẹran.

Ibì kan wà tí mo gbọ́dọ̀ gbà fún sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ wa. Nínú Hercules, ohun kan wà tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 13 nínú ìwé tí Charles Messier, ará Faransé, ṣe ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, nígbà tí ó ń wá ìràwọ̀ onírù kiri tí àwọn àbàwọ́n wọ̀nyí sì ń tàn án jẹ. Ìràwọ̀ ibẹ̀ tó nǹkan bí 300,000, wọ́n sì kóra jọ roboto tó bẹ́ẹ̀ tí awò kékeré kò lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Òṣùṣù ni èyí, bí òṣùṣù ọwọ̀: ẹyọ kọ̀ọ̀kan wà lọ́tọ̀, ṣùgbọ́n okùn dì wọ́n, òòfà ni okùn náà. Òṣùṣù jẹ́ ọmọ ṣù bí ìṣùpọ̀, nítorí náà n kò lè bínú.

Andromeda ni ọ̀rọ̀ kù sí. Al-Sufi, ará Páṣíà, kọ nípa rẹ̀ ní ọdún 964 pé ìkúùkù kékeré ni, Messier náà kà á mọ́ àbàwọ́n, àwọn ọ̀mọ̀wé sì ń pè é ní ìkúùkù títí di ọdún 1923, nígbà tí Edwin Hubble, lórí òkè Wilson ní Kalifóníà, rí ìràwọ̀ kan nínú rẹ̀ tí ó ń tàn tí ó ń wọ̀ọ̀kùn létòlétò bí ẹni ń mí. Bí mímí náà ti ń lọ ni ó fi mọ bí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ti pọ̀ tó, tí ó sì fi mọ̀ pé ó jìnnà kúrò láàárín àwọn ìràwọ̀ tiwa pátápátá. Lónìí a mọ̀ pé ìmọ́lẹ̀ yóò rìn ín fún mílíọ̀nù ọdún méjì àbọ̀, gẹ́gẹ́ bí àwọn baba wa ti ń wí pé ìlú kan jẹ́ ìrìn ọjọ́ mẹ́ta. Ọ̀nà jíjìn ni wọ́n ń wí o, kì í ṣe ọjọ́ orí. Èyí náà sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ wa pè é ní ọjọ́ orí.

Kí wá ni kí a pe irú èyí? Àwọn kan ní gálásì, láti ara ọ̀rọ̀ wàrà ti àwọn Gíríìkì. Oníwàásù kan ké e lọ́jọ́ Ìsinmi kan pé Ọlọ́run ni ó dá gbogbo gálásì, ni ìyá àgbà tí ó jókòó tì mí bá bi mí pé ṣé ti ìmumi ni àbí ti ojú fèrèsé. Agboolé ni èmi ń pè é. Tiwa kò ní ìràwọ̀ tí ó dín ní bílíọ̀nù 100. Ihò dúdú tí ó wúwo ju oòrùn lọ ní ìlọ́po mílíọ̀nù mẹ́rin ni ó jókòó sáàárín bí baálé, gbogbo ilé sì yí i ká, oòrùn wa sì wà lápá kan, tí ìmọ́lẹ̀ yóò rìn fún nǹkan bí 26,000 ọdún kí ó tó dé ọ̀dọ̀ baálé. Inú yàrá tiwa ni a sì ti ń wo agboolé náà, ìdí nìyẹn tí ó fi rí bí ọ̀jà funfun tí a ta kọjá ojú ọ̀run lóru, nígbà tí kò bá sí òṣùpá.

Ọmọ-ọmọ mi tí ó wà ní yunifásítì gbọ́ gbogbo àròyé yìí tán, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Bàbá àgbà, ìṣùpọ̀ ni gbogbo wa ń pè é, ẹ ti pẹ́ jù.” Ó lè jẹ́ bẹ́ẹ̀. Bí ìṣùpọ̀ bá ti gba ilé, kí sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ wa máa wí i lọ, n kò bá a jà mọ́. Ohùn ìsàlẹ̀ nìkan ni mo bẹ̀ ẹ́ pé kí ó mú dání, nítorí bí ó bá gbé e sí àárín, àwọn ọmọdé tí ń gbọ́ rédíò nílé mi kò ní í sùn lálẹ́ ọjọ́ náà fún ẹ̀rín.