Ẹ̀yin Tí Ẹ Fẹ́ Máa Bá Ọmọdé Sọ̀rọ̀ Lórí Afẹ́fẹ́

Ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ ń lépa iṣẹ́ sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀, púpọ̀ nínú yín ló ti sọ fún mi pé rédíò lẹ fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀, kí ẹ tó bọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n níbi tí ojú yín á ti hàn. Mi ò bá yín jà sí i. Ọ̀nà náà wà, àwọn kan sì ti tọ̀ ọ́ já. Ṣùgbọ́n bí ó bá gbé yín dé ọ̀dọ̀ àwọn ọmọdé, kí ẹ mọ̀ pé ẹrù tó wà níbẹ̀ wúwo ju ti ẹni tó ń lu àwo orin fún àgbàlagbà lọ.

Ẹ wo Noel Edmonds nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ilford ni wọ́n ti bí i ní 1948. Kò tíì pé ọmọ ogún ọdún tó ti ń gba ohùn ara rẹ̀ sórí téèpù, tó ń fi wọ́n ránṣẹ́ sí àwọn ilé iṣẹ́ rédíò tó ń fọhùn láti inú ọkọ̀ ojú omi. Radio Luxembourg ló gbà á síṣẹ́ ní 1968. Nígbà tó fi máa di 1969, ó ti dé Radio 1 ti BBC.

Ẹ fetí sí ibí yìí dáadáa. Nígbà tó dé BBC, wọn ò gbé ètò kankan lé e lọ́wọ́. Ìpolówó ètò àwọn ẹlòmíràn ni wọ́n ní kó máa gbà sílẹ̀. Bí DJ kan ò bá wá síbi iṣẹ́, wọ́n á pè é kó wá dí àyè. Ó dí àyè fún Kenny Everett, ó sì ṣe é títí ètò òwúrọ̀ Sátidé tí Everett ń ṣe fi di tirẹ̀ ní 1970. Ní oṣù kẹfà ọdún 1973, ó gba ètò òwúrọ̀ ojoojúmọ́ lọ́wọ́ Tony Blackburn, ẹni tó kọ́kọ́ lu àwo lórí Radio 1 lọ́jọ́ tí wọ́n ṣí i ní 1967. Ìdí ètò yẹn ló jókòó sí títí di 1978.

Mo mọ̀ pé àyè dídí kì í wu ọ̀dọ́. Ẹ fẹ́ kí orúkọ yín wà lára ògiri lọ́sẹ̀ tí ẹ bá dé. Àmọ́ ẹni tó ń ka ìpolówó ètò ẹlòmíràn ń kọ́ bí èèyàn ṣe ń fi ọ̀rọ̀ díẹ̀ mú ọkàn olùgbọ́, lórí ohun tí kì í ṣe tirẹ̀. Ẹni tó ń dí àyè sì ń bá àwọn tí kì í ṣe òun ni wọ́n ń retí sọ̀rọ̀. Kò síbi tí wọ́n ti ń kọ́ èèyàn nírẹ̀lẹ̀ lójú iṣẹ́ tó ju ibẹ̀ lọ.

Ọjọ́ kejì oṣù kẹwàá ọdún 1976, tó ṣì wà lórí ètò òwúrọ̀ rédíò, ni BBC fi Edmonds ṣe olóòtú ètò ọmọdé kan láàárọ̀ Sátidé, Multi-Coloured Swap Shop. Bíi wákàtí mẹ́ta ni, bó sì ṣe ń ṣẹlẹ̀ náà ni ó ń lọ sáfẹ́fẹ́. Ọmọ á tẹ fóònù láti ilé wọn, á ní ohun ìṣeré báyìí wà lọ́wọ́ òun, irú èyí lòun fẹ́ gbà fún un. Keith Chegwin á wà ní ìlú mìíràn láàárín èrò ọmọ tó kó ẹrù wá fún pàṣípààrọ̀ lójúkojú. John Craven á sọ̀rọ̀ ìròyìn fún wọn ní èdè tó yé wọn, Maggie Philbin sì dára pọ̀ mọ́ wọn lẹ́yìn náà. Títí di 1982 ni wọ́n ṣe é.

Ọmọ tó ní òun fẹ́ fi ọkọ̀ ìṣeré òun gba bọ́ọ̀lù, òwò gidi ló ń ṣe. Bí ẹ bá fi í rẹ́rìn-ín, ẹ ti pàdánù rẹ̀. Bí ẹ bá sì bi í léèrè, tó dákẹ́, ẹ má ṣe bá a parí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ohun tó máa ń ṣòro fún àwa ará rédíò jù lọ nìyí, torí bí afẹ́fẹ́ bá dákẹ́, àyà wa a máa já. Ọmọdé ń ronú nínú ìdákẹ́jẹ́ yẹn ni. Inú mi kì í dùn sí sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ tó ń sọ ohùn ara rẹ̀ di ti ìkókó nítorí pé ọmọ ọdún méje ló wà níwájú rẹ̀. Jimmy Ṣólàńkẹ́, tó pàlọ́ fún àwọn ọmọ lórí NTA, ohùn àgbàlagbà rẹ̀ náà ló fi pa á, àwọn ọmọ sì gbọ́.

Ẹ̀mí èèyàn náà wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ní oṣù kọkànlá ọdún 1986, ọkùnrin kan tó yọ̀ǹda ara rẹ̀ láti dánú àwọn òǹwòran dùn kú níbi tó ti ń fi eré kan dánra wò fún ètò mìíràn tí Edmonds ń ṣe, The Late, Late Breakfast Show. Láti òkè ló ti fò, ohun tí wọ́n fi so okùn rẹ̀ sì tú. BBC pa ètò náà rẹ́ pátápátá. Bí ẹ bá di olóòtú lọ́la, tí wọ́n ní ẹ fi ẹnikẹ́ni ṣe ohun tó léwu kí èrò lè pọ̀, ẹ kọ̀ ọ́, ìbáà jẹ́ iṣẹ́ yín ló máa bá a lọ.

Èyí tó kù, ó ń dùn mí láti sọ ọ́. Jimmy Savile náà jẹ́ DJ ní Radio 1, ó sì ṣe Jim'll Fix It fún àwọn ọmọ lórí BBC láti 1975 títí di 1994. Ó kú ní 2011. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e ni àṣírí tú pé ó ti fi ìṣekúṣe ṣe ọ̀pọ̀ ọmọdé níkà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Nígbà tí ìwádìí tí adájọ́ Janet Smith ṣe jáde ní 2016, ó hàn pé àwọn òṣìṣẹ́ kan gbọ́ wúyẹ́wúyẹ́ rẹ̀, àmọ́ ìbẹ̀rù gbajúmọ̀ pa wọ́n lẹ́nu mọ́. Nítorí náà, ẹ má ṣe dá wà nínú yàrá pẹ̀lú ọmọ ọlọ́mọ láéláé. Ẹ jẹ́ kí òbí rẹ̀ tàbí òṣìṣẹ́ mìíràn wà níbẹ̀. Bí ẹ bá sì rí ohun tí kò tọ́ lọ́wọ́ ọ̀gá, ẹ sọ ọ́ lọ́jọ́ náà, ẹ sì kọ ọ́ sílẹ̀. Ọmọ náà ni kí ẹ kọ́kọ́ gbà gbọ́.

Ohun kékeré kan ló ṣẹ́kù: kí ọmọ tó wọlé sáfẹ́fẹ́, ẹ bi í bí wọ́n ṣe ń pe orúkọ rẹ̀ nílé. Ẹ pè é tẹ̀ lé e, kí ó gbọ́, kí ó sì tún un ṣe fún yín bí ẹ bá ṣi ohùn orúkọ náà pè. Ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá tó ń gbé Lọ́ńdọ̀nù ló ti sú láti máa gbọ́ orúkọ wọn lódìlódì ní kíláàsì. Ẹ kọ ọ́ sórí ìwé iwájú yín pẹ̀lú àmì ohùn, kí iná pupa tó ń sọ pé a ti wà lórí afẹ́fẹ́ tó tàn.