Falilat Ogunkoya àti Ọdún Mẹ́wàá

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí wa, lọ́kùnrin lóbìnrin, àwọn òbí kan wà ní Ajah àti Lẹ́kí níhìn-ín tí wọ́n ń sọ fún ọmọbìnrin wọn pé: bí o kò bá gba ife lọ́dún yìí, jáwọ́ nínú eré sísá. Ẹ jẹ́ kí a wo Falilat Ogunkoya, ọmọ Ìpínlẹ̀ Ògùn.

Ní 1986, nígbà tó jẹ́ ọmọ ọdún 18, ó gba wúrà nínú eré 200 mítà níbi ìdíje àgbáyé àwọn ọ̀dọ́ ní Athens. Nígbà tó yá, 400 mítà ló di eré rẹ̀. Ẹni tó ń wòran kò mọ bí eré yìí ti le tó. Bí o bá ná gbogbo agbára rẹ níbẹ̀rẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ yóò wúwo bí òkúta ní 100 mítà tó kẹ́yìn. Bí o bá sì ṣọ́ ọ ná jù, wọ́n á ti fi ọ́ sílẹ̀.

Ọdún 10 kọjá. Ní Atlanta, 1996, ó sá a ní ìṣẹ́jú àáyá 49.10, ó sì gba idẹ. Nígbà náà, obìnrin Áfíríkà kankan kò tíì yá tó bẹ́ẹ̀ rí. Lẹ́yìn náà, òun, Bisi Afolabi, Fatima Yusuf àti Charity Opara gba fàdákà nínú eré ọlọ́pàá 4x400 mítà. Ìṣẹ́jú àáyá 0.13 péré ni Amẹ́ríkà fi ṣáájú wọn. Kí o tó ṣẹ́jú, ó ti kọjá. Falilat ló sáré kẹ́yìn, ó ń lé ará Amẹ́ríkà náà títí dé òpin.