OWÓ WÀ LỌ́WỌ́ ÌYÁ, ILẸ̀ Ń KỌ́?

Ẹ̀kọ́ wa òní dá lé owó obìnrin àti ilẹ̀. Ẹ fara balẹ̀ kà á. Ibi tí kò bá yé yín, ẹ tún un kà.

Ẹ wo ọjà Kétu. Ta ló ń ta gàrí níbẹ̀? Ta ló ń ta epo, ta ló ń ta ata? Àwọn obìnrin ni. Owó tí ìyàwó bá sì rí lórí gàrí rẹ̀, tirẹ̀ ni. Ọkọ lè yá nínú rẹ̀, àmọ́ gbèsè ni, yóò san án. Kì í ṣe ìjọba ló kọ́ wa ní èyí, àṣà wa ni. Ní ilẹ̀ Faransé gan-an, ọdún 1965 ni òfin ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ìyàwó ilé láyè láti fi owó sí báǹkì ní orúkọ ara rẹ̀ láìgba àṣẹ ọkọ. Nígbà yẹn, àwọn ìyá ìyá wa ti ń ná ọjà tipẹ́, wọ́n ń dá èsúsú, wọ́n ń fi owó wọn tọ́ ọmọ. Ẹni tó bá ní àṣà wa kò fún obìnrin ní nǹkan kan, kò sọ òótọ́.

Àmọ́ ẹ jẹ́ ká kúrò lọ́jà, ká lọ sóko.

Obìnrin ń gbin ẹ̀pà, ó ń gbin ẹ̀gẹ́, lórí ilẹ̀ tí ọkọ fi hàn án. Ṣé ó lè gbin kajú? Ní ìhà Ṣábẹ̀ẹ́, ẹ mọ owó tí kajú ń mú wọlé. Igi yìí a máa lo bí ọdún 3 kó tó bẹ̀rẹ̀ sí so, lẹ́yìn náà á máa so fún ogún ọdún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ. Lọ́dọ̀ wa, ẹni tó bá gbin igi, bí ẹni tó ni ilẹ̀ ló rí. Ẹni tí a yá ní ilẹ̀ kì í gbin igi sí i. Ìyàwó sì dà bí ẹni tí a yá ní ilẹ̀ nílé ọkọ. Ilé bàbá rẹ̀ ńkọ́? Wọ́n á ní ó ti lọ sílé ọkọ. Àwọn àgbà ní ìdí tiwọn: wọn ò fẹ́ kí ilẹ̀ ẹbí bọ́ sọ́wọ́ ọmọ ilé mìíràn. Ìdí yẹn yé mi. Síbẹ̀, ẹ wo ohun tó ń gbà lọ́wọ́ wa. Owó obìnrin kò ríbi dúró sí, inú ọjà títà nìkan ló wà. Bí ọmọ bá ṣàìsàn fún oṣù kan, ọjà tán, owó tán. Bí ọkọ bá kú, oko tó ti ń ro láti ọdún 15 di ti àbúrò ọkọ.

Ní ọdún 1931, nígbà tí Faransé ń ṣàkóso Dahomey, wọ́n kó àṣà ilẹ̀ wa jọ sínú ìwé kan. Ìwé náà ní obìnrin kò lágbára kankan níwájú òfin, ó ní ara ẹrù tí a ń jogún ló wà. Ẹ jọ̀wọ́, ṣé ẹrù a máa lọ sọ́jà lọ ta ẹrù? Ọ̀rọ̀ ẹnu àgbà ṣeé bẹ̀, ó ṣeé yí. Àmọ́ nígbà tó ti wọ ìwé, adájọ́ ń tẹ̀ lé e. Ọdún 1996 ni ilé ẹjọ́ tó ń ṣọ́ Òfin Ìpìlẹ̀ Benin wí pé ìwé náà kì í ṣe òfin. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2004, òfin ìdílé tuntun jáde: ọgbọọgba ni ìpín ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin nínú ogún. Òfin ilẹ̀ ti ọdún 2013 náà ní tọkùnrin tobìnrin ló lẹ́tọ̀ọ́ sí ilẹ̀. (Òfin ìdílé yẹn tún ní ìyàwó kan ṣoṣo ni òun mọ̀. Ìyẹn ti fa ariwo púpọ̀, ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀ lónìí.)

Òfin ti jáde. Ṣé ó ti dé abúlé? Ìwé tó wà lọ́wọ́ yín ló ń mú un dé. Ìgbéyàwó tí a ṣe ní ilé mẹ́rì nìkan ni òfin kà sí. A san ìdána, a jẹ, a mu, ó dára. Àmọ́ lọ́jọ́ tí ọkọ bá kú, ìwé mẹ́rì ni adájọ́ máa bèèrè. Ọmọbìnrin tí kò ní ìwé ìbí, kò ní rọrùn fún un láti fi hàn pé ọmọ bàbá yìí ni òun. Bí wọ́n bá sì gbà kí ẹ gbin kajú sórí ilẹ̀ kan, ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀ níwájú ẹlẹ́rìí: orúkọ, ọjọ́, ààlà ilẹ̀. Kí gbogbo wọn fọwọ́ sí i. Ṣebí ẹ ti mọ̀ ọ́n kọ báyìí.

IṢẸ́ ṢÍṢE

1. Ta ló ní ìwé ìgbéyàwó láàárín wa? Ọmọ yín mélòó ló ní ìwé ìbí?

2. Bàbá kan kú, ìyàwó rẹ̀ ti kú ṣáájú. Ó fi hẹ́kítà 8 sílẹ̀, àti ọmọkùnrin 2 àti ọmọbìnrin 2. Nípa òfin ọdún 2004, hẹ́kítà mélòó ló kan ọmọ kọ̀ọ̀kan? Ní agboolé tiyín, mélòó ni ì bá kan àwọn ọmọbìnrin? Ẹ kọ iye méjèèjì sílẹ̀, kí ẹ sì jíròrò rẹ̀.