Irun Ọkọ Gígé Nílé: Ìwé Ìmọ̀ràn sí Ọmọ Ilé ní Òkè Pópó

Irun ọkọ gígé nílé ni kí ìyàwó fi kílípà gé irun orí ọkọ rẹ̀ nínú yàrá wọn, dípò kí ọkọ lọ jókòó ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀. Láyé àtijọ́ ní Ìsàlẹ̀ Èkó, iṣẹ́ obìnrin kọ́ nìyí. Àwọn Haúsá onígbàjámọ̀, tí àwọn ará ilé wọn ń pè ní wanzami, ló ń kiri àdúgbò pẹ̀lú àpò awọ, tí abẹ àti òkúta tí wọ́n fi ń pọ́n ọn wà nínú rẹ̀. Baálé ilé á jókòó lórí àpótí lẹ́nu ọ̀nà, wanzami á bu omi sí i lórí, á fá a kodoro. Ìgbà tó yá ni ṣọ́ọ̀bù dé, pẹ̀lú pátákó tí wọ́n ya oríṣiríṣi orí sí, gọ́rímápà, pọ́ńkì àti áfúrò, kí oníbàárà lè nawọ́ sí èyí tó wù ú.

Iná mànàmáná ti wọ Èkó láti 1896, ṣùgbọ́n kílípà oníná kò tíì dé ọ̀dọ̀ onígbàjámọ̀ nígbà náà. Ní 1919 ni Leo Wahl, ọkùnrin ìlú Sterling ní Illinois, kọ̀wé sí ìjọba Amẹ́ríkà pé kí wọ́n fún òun ní àṣẹ olóhun lórí kílípà tó ń fi agbára iná ṣiṣẹ́. Irú kílípà bẹ́ẹ̀ ló kún àtẹ àwọn oníṣòwò lónìí. Ohun tó gbé e wọ inú yàrá tọkọtaya gan-an ni kónílé-ó-gbélé àrùn kòrónà ọdún 2020. Àṣẹ Ààrẹ Buhari bẹ̀rẹ̀ ní aago 11 alẹ́ ọjọ́ 30, oṣù Kẹta, ní Èkó, Ògùn àti Àbújá, kò sì dẹ̀ títí di ọjọ́ 4, oṣù Karùn-ún. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún gbáko nìyẹn, bẹ́ẹ̀ irun orí ń gùn tó sẹ̀ǹtímítà kan lóṣù. Ìyàwó tí kò di kílípà mú rí di onígbàjámọ̀ lọ́ràn-anyàn, àwọn mìíràn kò sì padà sẹ́yìn mọ́.

Ọmọ ilé tí a kọ ìwé yìí sí wà lára wọn. A kí i kú ọjà, a kí i kú iṣẹ́ ilé, a kí i kú àtọ́jú ọmọ, a sì kí i kú oúnjẹ tó gbé ránṣẹ́ lọ́jọ́ àdúrà ogójì, èyí tí ó tó, tó sì ṣẹ́ kù. A kí ọkọ rẹ̀, ọmọ Ọ̀bùn Èkó, tí kì í kọjá lẹ́nu ọ̀nà láìbéèrè àgbà. A kí ìyá ọkọ rẹ̀, tí orúnkún kò jẹ́ kó sọ̀kalẹ̀ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì mọ́. Ọlọ́run yóò fún un ní àlàáfíà. A kí àwọn ọmọ, pàápàá èyí tó jọ Bàbá Àgbà. Lẹ́yìn ìkíni ni ọ̀rọ̀ kàn. Ìròyìn tó dé etí ìdílé ni pé ọ̀ọ̀dẹ̀ gbangba ni ọmọ ilé ti ń gé irun ọkọ rẹ̀, pé ó gé e lọ́jọ́ tí àwọn méjèèjì ń bínú síra wọn, pé ó sì gbá irun náà sínú gọ́tà. Àwọn ayálégbé ló ń rò ó kiri. Irun gígé kò burú. Bí wọ́n ṣe ní ó ń gé e ni kò tẹ́ àgbà lọ́rùn.

Orí ní ọ̀wọ̀ tirẹ̀. Ní Ọ̀yọ́ àtijọ́, ìlàjì orí ni wọ́n máa ń fá fún ìlàrí, kí ẹni tó bá rí i lọ́nà lè mọ̀ pé ti ọba ni. Ọmọ dàda kò ṣeé gé irun rẹ̀ láìṣe ètùtù. Ní Èkó fúnra rẹ̀, lọ́jọ́ tí Ẹ̀yọ̀ bá jáde, obìnrin tó di sùkú kò gbọdọ̀ yọjú sí Adámú Òrìṣà. Ìdí nìyí tí a fi ń sọ pé a kì í fárí lẹ́yìn olórí. Ọkọ gbọdọ̀ fẹ́ ẹ, kó sọ bí ó ṣe fẹ́ ẹ, kó sì di dígí mú lọ́wọ́ ara rẹ̀. Lọ́jọ́ tí ìjà bá wà nílẹ̀, kí kílípà wà nínú àpótí. Ọkùnrin tó tẹ orí ba fún ìyàwó rẹ̀ ti fi ìpàkọ́ àti ọ̀nà ọ̀fun lé e lọ́wọ́, kò sì yẹ kí ó máa rò ó bóyá ìbínú àná ti tán. Yàrá ni ibi tí ó yẹ kó ti jókòó. Ọ̀ọ̀dẹ̀ tí ayálégbé mẹ́fà ń gbà kọjá, tí wọ́n ti ń se ọbẹ̀, kì í ṣe ibi tí wọ́n ti ń tú baálé ilé sí ìhòòhò.

Àwọn kan nínú ìdílé ní kí ọmọ ilé jáwọ́ pátápátá. Ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ̀ tó kọ ìwé yìí kò bá wọn sọ ọ́. Òun kò fọwọ́ kan irun ọkọ tirẹ̀ rí, nítorí ìyá ọkọ rẹ̀ ti sọ ọ́ lọ́jọ́ tó wọlé pé obìnrin kì í fá ọkọ rẹ̀ lórí. Nígbà tí àìsàn dá bàbá náà dùbúlẹ̀ lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ní Ìdúmàgbò, irun àti irùngbọ̀n bò ó lójú. Onígbàjámọ̀ tó ti ń fá a láti ìgbà ọ̀dọ́ kò lè gun àtẹ̀gùn mọ́. Àwọn tó lè gùn ún á dá ọjọ́, wọn kò ní wá, torí wọ́n ń bẹ̀rù ilé aláìsàn. Àjèjì kan ló padà fá a. Ọwọ́ rẹ̀ le, ó sì ń kánjú, bàbá kò sì lè lanu sọ pé ó ń dun òun. Kílípà wà nílé lọ́jọ́ náà. Ìyàwó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn, ó ń wò ó. Bí obìnrin bá ti ń gé irun ọkọ rẹ̀ nígbà tí ara rẹ̀ le, kò ní wá àjèjì kiri nígbà tí ara bá di hẹ́gẹhẹ̀gẹ. Ohun tí ẹ̀gbọ́n náà ń wí kò ju ìyẹn lọ, bí ó tilẹ̀ ní ẹ̀kọ́ tirẹ̀ nínú.

Ní ti irinṣẹ́, kílípà ni kí a kọ́kọ́ yẹ̀ wò. Èyí tí ẹ̀gbọ́n ọkùnrin ọmọ ilé fi ránṣẹ́ láti Amẹ́ríkà kò gbọdọ̀ kan iná Èkó ní tààrà bí a kò bá tíì ka ohun tí wọ́n kọ sí ara rẹ̀. Iná tiwọn jẹ́ fóòtì 120, ti Nàìjíríà jẹ́ 230. Kílípà tí wọ́n ṣe fún 120 nìkan á máa han bí ẹ̀rọ ìlọta, á gbóná, á sì jó. Bí wọ́n bá kọ 100 sí 240 sí i, kò séwu. Èyí tó ní bátìrì ló dára jù fún Ìsàlẹ̀ Èkó, torí iná lè lọ nígbà tí ìlàjì orí ṣì kù. Ó ṣẹlẹ̀ sí Bọ̀dá Sàńgrọ́ọ̀sì nínú ìdílé láàárọ̀ ọjọ́ ìgbéyàwó, fìlà kò sì kúrò lórí wọn títí wọ́n fi kó àga ìnáwó.

Àwọn òòyà rọ́bà tí wọ́n ń fi sẹ́nu kílípà ní nọ́ńbà. Nọ́ńbà 1 á fi irun sílẹ̀ tó mílímítà 3, nọ́ńbà 2 tó 6, nọ́ńbà 3 tó 10, nọ́ńbà 4 tó 13. Nọ́ńbà tó ga ni kí a fi bẹ̀rẹ̀, torí irun tó ṣẹ́ kù ṣeé dín, èyí tó ti bọ́ sílẹ̀ kò ṣeé lẹ̀ padà. Kí ọkọ fọ irun, kó gbẹ dáadáa, kí a sì fi òòyà tú u. Irun tútù máa ń lẹ̀ mọ́ra, kílípà á sì fo ibòmíràn. Ìmọ́lẹ̀ òwúrọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé dára ju gílóòbù lọ. Láti ìpàkọ́ ni a ti ń bẹ̀rẹ̀, kí kílípà máa gòkè lòdì sí ibi tí irun dojú kọ, ní wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, láìtẹ̀ ẹ́ mọ́ awọ. Ní àtàrí, níbi tí irun ti ń yí po, ọ̀nà mẹ́ta tàbí mẹ́rin ni a ó gbà kọjá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ àmì á wà níbẹ̀. Ọwọ́ òsì ni a fi ń tẹ etí síwájú nígbà tí a bá dé ẹ̀yìn rẹ̀. Ẹni tó bá fara balẹ̀ kò nílò kí onígbàjámọ̀ kọ́ ọ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti le ni etí irun, èyí tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní káàfù. Abẹ fẹ́lẹ́ kò gbọdọ̀ kan ìpàkọ́ ọkọ. Irun èèyàn dúdú máa ń ká. Bí a bá gé e mọ́ awọ jù, ẹnu rẹ̀ tó mú á yí padà, á gún awọ, awọ á sì wú. Lágbọ̀n, ìléròrò ni. Ní ìpàkọ́, ó lè di kókó líle tó ń so mọ́ra wọn, tí irun kò ní hù lórí rẹ̀ mọ́. Ìpàkọ́ Bọ̀dá Òkè Àríń kò nílò ìtàn fún ọmọ ilé yìí. Bí kókó bá ti yọ ni wọ́n ń fá a, pé kó lè mọ́. Bí wọ́n bá sì ti fá a, òmíràn á yọ. Ọdún púpọ̀ ni wọ́n fi jà á bẹ́ẹ̀, tí fìlà kò fi rọ̀ wọ́n lórí. Ìmọ́tótó wọn pé, abẹ ló ń dá a sílẹ̀. Nítorí náà, kí irun ìpàkọ́ má ṣe kúrú ju ti nọ́ńbà 1 lọ. Bí kókó kan bá yọ, kí a fi ibẹ̀ sílẹ̀, kí ọkọ sì lọ rí dókítà. Ilé ìwòsàn ìjọba tó wà ní Ọ̀dàn láti 1893 kò jìnnà sí Òkè Pópó. Kí a má ṣe fi oje ewé tàbí omi bátìrì pa á, bí ẹnì kan ti ṣe nínú ìdílé.

Níwájú orí, kí a tẹ̀lé ilà tí Ọlọ́run fi sí i. Káàfù tó ń sún sẹ́yìn lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ ló ń sọ ọmọ ọgbọ̀n ọdún di apárí ojijì lójú àwọn èèyàn. Àwọn ọ̀dọ́ lè ní ojú àtijọ́ ni àgbà fi ń wò ó. Àgbà kò ní yí i padà. Ti féèdì, ìyẹn kí ẹ̀gbẹ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ dà bí fífá kí òkè sì kún, ní ẹ̀sìn nínú pẹ̀lú. Hádíìsì tí Bùkárì àti Múslímù gbà wá fi hàn pé Ànábì kọ̀ kí wọ́n fá apá kan orí kí wọ́n fi apá kan sílẹ̀, àwọn àlùfáà sì ń mẹ́nu bà á ní Ìsàlẹ̀ Èkó. Bí irun bá dọ́gba yíká, àríyànjiyàn tán. Ẹni tó bá sì fẹ́ pa ẹran Iléyá kì í gé irun láti ọjọ́ kìíní oṣù Súlíjà títí ẹran yóò fi balẹ̀. Kí a gé ti ọkọ kí oṣù tó yọ. Lọ́dún tó kọjá, ọjọ́ kẹta oṣù ni ọmọ ilé gé e, ìyá ọkọ rẹ̀ sì rí i, kò sọ̀rọ̀.

Kílípà ọkọ kì í ṣe ti gbogbo ilé. Ojú ọgbẹ́ tí ojú kò rí ni kòkòrò ń gbà wọlé. Kòkòrò hẹpatáítìsì B lè wà láàyè lára irin gbígbẹ fún ọjọ́ 7, ìyẹn ni pé irin tó gé aládùúgbò lọ́jọ́ Ẹtì ṣì lè gbé àìsàn fún ọkọ lọ́jọ́ Ọjọ́bọ̀. Làpálàpá orí ọmọdé náà máa ń bá a rìn. Nítorí èyí ni ọ̀pọ̀ ọkùnrin Èkó ṣe ń gbé kílípà tiwọn dání lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Ó wá yani lẹ́nu pé èyí tó ń gbé nínú ilé ni wọ́n tún ń yá káàkiri ọ̀ọ̀dẹ̀. Lẹ́yìn gígé kọ̀ọ̀kan, kí a fi búrọ́ọ̀ṣì gbọn irun kúrò lẹ́nu rẹ̀, kí a fi sípíríìtì nù ún, kó gbẹ fúnra rẹ̀, kí a wá kán òróró ẹ̀rọ sí i díẹ̀. Kẹrosíìnì tí àwọn kan ń lò kì í pa kòkòrò bí sípíríìtì ṣe ń pa á, awọ kò sì fẹ́ ẹ.

Irun tó bọ́ sílẹ̀, orí ìwé ìròyìn ni kó bọ́ sí, kí a ká a pọ̀, kí a sin ín tàbí kí a dì í sínú ọ̀rá kó bá pàǹtírí lọ. Ẹni tó gbà pé ayé lè fi irun ṣeni ní ìdí tirẹ̀. Ẹni tí kò gbà á náà mọ̀ pé gọ́tà Ìsàlẹ̀ Èkó ti kún tó, irun kì í sì í tètè jẹrà.

Bí gbogbo èyí bá wà létòlétò, ó ṣì yẹ kí ọkọ máa lọ sí ṣọ́ọ̀bù lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, ní àsìkò ìnáwó àti kí oṣù Iléyá tó yọ. Ibẹ̀ ni ọkùnrin ti ń gbọ́ ẹni tó kú àti ẹni tó bímọ, onígbàjámọ̀ tó gé irun bàbá rẹ̀ kò sì ṣeé já sílẹ̀ nítorí owó táṣẹ́rẹ́. Àwọn ọmọ kò gbọdọ̀ lo kílípà bàbá wọn. Kílípà tiwọn ti wà nílẹ̀ ní Ìdúmàgbò, nínú páálí rẹ̀, pẹ̀lú sípíríìtì ìgò kan. Kí ọmọ ilé wá gbé e fúnra rẹ̀, kó má rán ayálégbé.