Ẹ̀KỌ́ ÌLERA: IMÚ TÍ KÌ Í YÉÉ DÍ

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ wa, ọ̀fìnkìn kì í sábà ju ọjọ́ 10 lọ. Bí imú bá dí fún ọ̀sẹ̀ 12, ọ̀rọ̀ ti kọjá ọ̀fìnkìn nìyẹn. Ikun nìkan kọ́ ló ń dí i. Ẹran inú imú gan-an ló wú, tí ọ̀nà èémí fi há. Eruku ilé, èéfín ìdí àrò àti ọyẹ́ a máa fà á.

Òmíràn wà tí a ń fi owó ara wa rà. Oògùn tí à ń kán sí imú, tí oníkẹ́míìsì ń tà, a máa fún iṣan ẹ̀jẹ̀ inú imú pọ̀, imú á sì ṣí kíá. Ó dára o! Ṣùgbọ́n bí a bá lò ó ju ọjọ́ 5 lọ, tí agbára rẹ̀ bá ti tán, imú á tún wú ju ti àkọ́kọ́ lọ. La bá tún kán an. Gbèsè eléèlé ni. Èmi alára lò ó fún oṣù mẹ́ta, mo ń so ìgò rẹ̀ mọ́ etí ìró bí owó àjọ.

Dókítà ní kí n kọ́kọ́ dá a dúró ní ihò imú kan, kí n tó dá ti èkejì dúró. Ọ̀sẹ̀ kìíní le, mi ò lè sùn. Omi iyọ̀ ni mo fi ń fọ̀ ọ́: ìdajì ṣíbí tíì nínú ife omi kan. Ẹ jọ̀wọ́, omi tí ẹ sè tí ó ti tutù ni o, kì í ṣe omi kànga.

Bí ó bá jẹ́ ẹ̀gbẹ́ kan ṣoṣo ló ń dí, tàbí tí ẹ̀jẹ̀ tàbí òórùn burúkú ń bá a jáde, ilé ìwòsàn ni kí ẹ gbà lọ.