Ohun Tó Wà Lẹ́yìn Ẹ̀fà Ju Èje Lọ

Àwọn àgbà ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Bí nọ́ọ̀sì bá gún aláìsàn ní abẹ́rẹ́ pẹnisílíìnì tí ara rẹ̀ sì yá, dókítà là ń dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni tó bá kàwé díẹ̀ a tún dárúkọ Alexander Fleming, tó kọ́kọ́ kíyè sí oògùn náà ní London lọ́dún 1928. Ṣùgbọ́n ta ló ṣe é títí ó fi pọ̀ tó láti kárí aláìsàn? Ọ̀kan pàtàkì nínú àwọn tó ṣe bẹ́ẹ̀ ni Margaret Hutchinson Rousseau, ẹnjiníà kẹ́míkà ọmọ Amẹ́ríkà. Ẹ̀kọ́ wà nínú ayé obìnrin yìí fún ọmọ tó ń wá iṣẹ́ tí yóò kọ́, àti fún òbí tí yóò sanwó rẹ̀.

Ìlú Houston ní ìpínlẹ̀ Texas ni wọ́n ti bí i ní oṣù kẹwàá ọdún 1910. Aṣọ ni bàbá rẹ̀ ń tà. Ní 1932 ó gboyè àkọ́kọ́ ní Rice Institute, nínú ìlú rẹ̀ níbẹ̀. Àsìkò náà le: ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà ti dẹnu kọlẹ̀, àwọn ọkùnrin tó mọṣẹ́ dunjú gan-an ń wáṣẹ́ kiri. Ṣùgbọ́n ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Hutchinson gba yunifásítì MIT lọ ní ìpínlẹ̀ Massachusetts, ó sì di obìnrin àkọ́kọ́ tó gboyè ọ̀mọ̀wé nínú ìmọ̀ ẹnjiníà kẹ́míkà ní Amẹ́ríkà, lọ́dún 1937. Ohun tó ṣèwádìí lé lórí ni bí gáàsì ṣe ń wọ inú omi. Lójú ẹni tí kò mọ̀dí ọ̀rọ̀, ìyẹn lè dà bí iṣẹ́ aláìríṣẹ́ṣe. A óò rí i láìpẹ́ pé kò rí bẹ́ẹ̀.

Ní oṣù kejì ọdún 1941, ní Oxford ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n fún ọlọ́pàá kan tí egbò ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gbẹ̀mí rẹ̀ ní pẹnisílíìnì. Ibà rẹ̀ wálẹ̀, ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun. Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí oògùn fi tán. Wọ́n gba ìtọ̀ ọkùnrin yìí, wọ́n yọ èyí tó kù nínú rẹ̀, wọ́n tún fi gún un, síbẹ̀ kò tó. Ó kú ní oṣù kẹta. Wọ́n ti mọ oògùn tó lè wò ó sàn, àìtó oògùn náà ló pa á.

Kí ló dé tí kò tó? Lára èébu ni wọ́n ti ń rí pẹnisílíìnì, irú èyí tó ń bo búrẹ́dì tó ti pẹ́. Èébu ń fẹ́ afẹ́fẹ́, nítorí náà ojú omi nìkan ló ti ń hù. Inú ìgò, inú agolo, kódà inú póò ilé ìwòsàn ni wọ́n ti ń gbìn ín ní Oxford. Ìwọ̀nba ṣín-ún ni wọ́n ń rí lẹ́yìn làálàá ọjọ́ púpọ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti kan ẹnjiníà kẹ́míkà nìyẹn. Ẹni tó mọ ọbẹ̀ ènìyàn mẹ́ta sè lè kan àbùkù níbi ìnáwó. Kì í ṣe ata àti epo nìkan ló ń pọ̀ sí i. Ìsàlẹ̀ ìkòkò ńlá a máa jóná nígbà tí òkè rẹ̀ kò tíì gbóná. Bẹ́ẹ̀ náà ni oògùn: ohun tó ṣeé ṣe nínú ìgò kékeré lè kọ̀ jálẹ̀ nínú táǹkì.

Ilé iṣẹ́ E. B. Badger ní Boston ni Hutchinson ti ń ṣiṣẹ́ nígbà náà, òun ló sì ṣáájú nínú iṣẹ́ yíya àwòrán ilé iṣẹ́ pẹnisílíìnì ńlá àkọ́kọ́ tí wọ́n ti ń gbin èébu sínú táǹkì jíjìn. Ilé iṣẹ́ Pfizer, tó ti ń fi èébu mìíràn ṣe ásíìdì kíkan irú ti inú ọsàn wẹ́wẹ́, ló gbé e kalẹ̀ ní Brooklyn ní New York. Bí èébu kò bá lè wá sójú omi láti mí, afẹ́fẹ́ ló gbọ́dọ̀ wá bá a nísàlẹ̀. Wọ́n ń fẹ́ afẹ́fẹ́ tí wọ́n ti sẹ́ mọ́ gba ìsàlẹ̀ táǹkì, wọ́n ń rò ó pọ̀, wọn kò sì jẹ́ kó gbóná jù. Ẹ rí i bí ìwádìí gáàsì tó ń wọ inú omi ṣe wá wúlò! Bí kòkòrò àìfojúrí kan ṣoṣo bá yọ́ wọlé, gbogbo ohun tó wà nínú táǹkì lè ṣòfò. Bí wọ́n bá fẹ́ yọ oògùn náà jáde, ooru lè bà á jẹ́, ásíìdì lè bà á jẹ́. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú ni kì í bàjẹ́.

Àkókò Ogun Àgbáyé Kejì kò jẹ́ kí wọ́n ráàyè kọ́ ilé tuntun. Ohun tí a ní là ń náání, ọmọ aṣẹ́gità ń náání èèpo igi. Pfizer ra ilé iṣẹ́ yìnyín àtijọ́ kan ní 1943, nítorí pé ẹ̀rọ amúǹkan-tutù ti wà níbẹ̀. Wọ́n to táǹkì mẹ́rìnlá síbẹ̀, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń gba gálọ́ọ̀nù 7,500. Ọjọ́ kìíní oṣù kẹta ọdún 1944 ni iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀. Nígbà tí àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà àti ti àwọn alájọṣe rẹ̀ gúnlẹ̀ sí Normandy ní ilẹ̀ Faransé ní oṣù kẹfà, pẹnisílíìnì wà nínú ẹrù àwọn dókítà wọn.

Kì í ṣe oògùn nìkan ni Hutchinson ṣe. Ó ṣiṣẹ́ lórí rọ́bà àtọwọ́dá àti epo ọkọ̀ òfurufú. Ní 1939 ó fẹ́ William Rousseau, ẹnjiníà ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Badger, wọ́n sì bí ọmọkùnrin kan. Ní 1945 ó di obìnrin àkọ́kọ́ nínú AIChE, ẹgbẹ́ àwọn ẹnjiníà kẹ́míkà Amẹ́ríkà. Ọdún náà gan-an ni wọ́n fún Fleming, àti Florey òun Chain ti Oxford, ní ẹ̀bùn Nobel lórí pẹnisílíìnì. Ẹ̀bùn pàtàkì ẹgbẹ́ rẹ̀ kò tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́ àfi ní 1983, lẹ́yìn ọdún 22 tó ti fẹ̀yìn tì. Ó kú ní oṣù kìíní ọdún 2000, lẹ́ni ọdún 89.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ kèrègbè. Ẹni tó rí oògùn kò lè ṣe é ní táǹkì; ẹni tó kọ́ táǹkì kọ́ ló rí oògùn. Bí iṣẹ́ yín bá jẹ́ èyí tí kámẹ́rà kì í yà, ẹ ṣe é dé ojú àmì. Ẹ má sì fojú tín-ín-rín ẹ̀kọ́ tí ẹ kò tíì mọ ìlò rẹ̀. Ẹ̀yin tó ń wá aya tàbí ọkọ, ẹni tó mọyì iṣẹ́ yín ni kí ẹ fẹ́.

Ẹ̀yin òbí, dókítà àti lọ́yà nìkan kọ́ ni iṣẹ́ gidi. Wọ́n ń kọ́ni níṣẹ́ ẹnjiníà kẹ́míkà ní Ilé-Ifẹ̀, ní Unilag, àti ní LAUTECH ní Ògbómọ̀ṣọ́. Ìṣirò, físíìsì àti kẹ́mísírì ni ìpìlẹ̀ rẹ̀, láti ilé ẹ̀kọ́ girama ló sì ti ń bẹ̀rẹ̀. Bí ọmọ yín obìnrin bá ní iṣẹ́ náà wu òun, ẹ má bi í pé ta ni yóò fẹ́ ẹ. Ẹ bi í bóyá ó ti parí ìṣirò tí tíṣà fún un, kí ẹ sì ra ìwé tó kù fún un.