Subrata Mitra àti Ìmọ́lẹ̀ Inú Sinimá
Bí a bá wo sinimá tán, òṣèré ni a máa ń yìn. Ẹni tó ya àwòrán rẹ̀ kì í sábà wá sí wa lọ́kàn. Ẹ jẹ́ kí a yẹ Subrata Mitra, ará Índíà, wò. Kò ju ọmọ ọdún 22 lọ (ẹgbẹ́ wa ni!) nígbà tí Satyajit Ray gbé yíya Pather Panchali lé e lọ́wọ́ ní 1952, bẹ́ẹ̀ ni kò fi ẹ̀rọ ya sinimá rí.

Aparajito, tó jáde ní 1956, ni ọ̀rọ̀ wà. Wọ́n fẹ́ kọ́ àgbàlá ilé kan, irú ti Benares, sí ìta gbangba. Ìbẹ̀rù òjò mú kí Bansi Chandragupta, tó ń kọ́ ilé fún sinimá náà, kọ́ ọ sínú gbọ̀ngàn ní Calcutta. Mitra bá wọn jiyàn títí. Ìmọ́lẹ̀ ojú ọ̀run tó ń bọ́ sínú àgbàlá kì í mú òjìji hàn ketekete. Ṣùgbọ́n bí a bá kọjú iná sí òṣèré tààrà, òjìji rẹ̀ á dúdú lára ògiri, irọ́ á sì tú. Wọn kò gbà.

Ni Mitra bá na aṣọ funfun bo òkè àgbàlá bí ẹni ta àtíbàbà, ó kọjú iná sí aṣọ náà, ìmọ́lẹ̀ sì ti ara rẹ̀ padà sílẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Ẹni tó bá wò ó kò ní mọ̀ pé òrùlé wà lókè ibẹ̀.